Bí wọ́n bá fẹ́ ya ìgbésí ayé yín sínú dọkumẹ́ńtárì nípa ìlú ńlá: ohun tí ẹ ó ṣe láti ọjọ́ àkọ́kọ́

Ìbéèrè kan náà ni àwọn èèyàn ń bi mí ṣáá: "Àwọn kan gbé kámẹ́rà wá sí àdúgbò wa. Wọ́n ní àwọn ń ṣe fíìmù nípa bí èèyàn ṣe ń gbé ní ìlú yìí, wọ́n sì fẹ́ kí n wà nínú rẹ̀. Ṣé kí n gbà?" Awakọ̀ bọ́ọ̀sì ti bi mí bẹ́ẹ̀, ẹni tó ń gbálẹ̀ òpópónà ti bi mí, ìyá tó ń dá tọ́ ọmọ náà ti bi mí.

Èmi kì í sọ pé kí ẹnikẹ́ni gbà, n kì í sì í sọ pé kó má gbà. Mo ti wà lára àwọn tó ń gbé ìwé ìyọ̀ǹda (ìwé tí èèyàn fi ń gbà kí wọ́n ya òun, kí wọ́n sì lo àwòrán òun) fún àwọn èèyàn láti buwọ́ lù lójú títì, ohun tí mo sì rí níbẹ̀ ni pé kí kámẹ́rà tó tàn ni agbára wà lọ́wọ́ ẹni tí wọ́n fẹ́ yà. Tí wọ́n bá ti yà á tán, tó sì ti buwọ́ lùwé, ó di ọwọ́ ẹni tó ń gé fíìmù, tó ń yan ohun tó máa wà nínú rẹ̀ àti ohun tí wọ́n máa yọ. Ìdí nìyí tí mo fi máa pẹ́ lórí ohun tó ṣáájú ju ohun tó kẹ́yìn lọ.

Ẹ rántí pé èyí kì í ṣe eré àgbéléwò. Òṣèré tó ṣe olè nínú eré yóò bọ́ aṣọ olè sílẹ̀ lálẹ́, yóò sì máa lọ sílé. Nínú dọkumẹ́ńtárì, orúkọ yín ni, ojú yín ni, ẹnu ọ̀nà ilé yín ni.

## Kí ẹ tó gbà fún wọn

1. Ẹ gba orúkọ àti nọ́ńbà. Ẹ gba ti olùdarí fíìmù àti ti ilé-iṣẹ́ tó ń gbé e jáde, kì í ṣe ti ẹni tó wá bá yín nìkan. Ẹni tó ń bá wọn wá èèyàn sábà máa ń jẹ́ ẹni tí wọ́n háyà fún ìwọ̀nba ọjọ́. Ó lè jẹ́ ọmọlúàbí gidi, ṣùgbọ́n tí iṣẹ́ rẹ̀ bá ti parí, ìlérí tó ṣe fún yín kò lẹ́nì kankan lẹ́yìn mọ́.

2. Ẹ ní kí wọ́n fi fíìmù kan tí wọ́n ti ṣe rí hàn yín. Ẹ má wo bí àwòrán rẹ̀ ṣe mọ́ tó. Ẹ wo ọwọ́ tí wọ́n fi mú àwọn mẹ̀kúnnù inú rẹ̀. Ṣé wọ́n jẹ́ kí wọ́n sọ ọ̀rọ̀ wọn dé òpin, àbí ìgbà tí wọ́n ń sunkún nìkan ni kámẹ́rà ń sún mọ́ wọn? Bí wọ́n ṣe ṣe àwọn yẹn ni wọn yóò ṣe yín.

3. Ẹ béèrè ohun tí fíìmù náà dá lé gan-an. "Ìgbésí ayé ní ìlú" kì í ṣe ìdáhùn. Ṣé ọ̀rọ̀ owó ilé ni? Ṣé ti ọ̀daràn ni? Àwọn wo ló tún máa wà nínú rẹ̀? Èèyàn lè sọ òótọ́ pọ́nńbélé nípa iṣẹ́ alẹ́ tó ń ṣe, kí wọ́n wá gbé òótọ́ yẹn sáàárín ọ̀rọ̀ àwọn jàǹdùkú, kí ẹni tó ń wò ó sì rò pé ọ̀kan náà ni wọ́n.

4. Ẹ béèrè ibi tí wọn yóò ti fi í hàn. Ọ̀pọ̀ ló máa ń fọkàn balẹ̀ nígbà tí wọ́n bá gbọ́ pé ìlú òkèèrè ni fíìmù ń lọ, pé ará ilé wọn kò ní rí i. Ẹ má gbẹ́kẹ̀ lé e. Ohun tó bá ti dé orí íntánẹ́ẹ̀tì, kò sí ilé tí kò lè wọ̀.

5. Ẹ béèrè iye ọjọ́. Ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò kan lè gba ọ̀sán kan péré. Fíìmù tó ń tẹ̀ lé èèyàn kiri lè gba oṣù púpọ̀, òmíràn ń gba ọdún. Ẹ jọ fi ẹnu kò lórí ọjọ́ tí wọ́n lè wá, wákàtí tí wọ́n gbọ́dọ̀ lọ, àti yàrá tí wọn kò gbọ́dọ̀ wọ̀.

6. Ẹ sọ fún àwọn tó bá yín gbé àti ẹni tó gbà yín síṣẹ́. Ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ kò gbà kí òṣìṣẹ́ wọn wọ yúnífọ́ọ̀mù sọ̀rọ̀ níwájú kámẹ́rà láìgbàṣẹ. Èèyàn lè ti ibẹ̀ pàdánù iṣẹ́ láìjẹ́ pé ó sọ ohun tó burú kan.

Ẹ fi ọjọ́ kan tàbí méjì rò ó. Olùdarí tó mọ iṣẹ́ yóò dúró. Èyí tó bá ní dandan, ìsinsìnyí ni ẹ ó dáhùn, ẹ sọ fún un pé ẹ kò lè ṣe é.

Ẹ má tilẹ̀ gbà rárá, tàbí kí ẹ kọ́kọ́ rí lọ́yà, tó bá jẹ́ pé:

- ẹ ní ẹjọ́ ní kóòtù (ní ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, adájọ́ lè pàṣẹ kí wọ́n gbé fídíò wá, títí kan èyí tí wọn kò lò nínú fíìmù);
- ìwé ìgbélùú yín kò tíì dúró;
- ẹnì kan wà tó ń wá yín tí ẹ kò fẹ́ kó mọ ibi tí ẹ wà;
- àṣírí ẹlòmíràn ló pọ̀ jù nínú ohun tí ẹ fẹ́ sọ.

## Ìwé ìyọ̀ǹda

Ibí ni mo ti fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ jù. Ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n àti àwọn tó ń ta ìbánigbófò fún fíìmù sábà máa ń béèrè ìwé tí ẹni tó sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀ buwọ́ lù. Èyí túmọ̀ sí pé àwọn tó ń ya fíìmù nílò ìbuwọ́lùwé yín gidigidi. Ẹni tí èèyàn nílò nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀ lè sọ ohun tí òun náà fẹ́.

Àwọn ọ̀rọ̀ tí ẹ ó sábà rí níbẹ̀ nìyí, àti ohun tí wọ́n ń sọ:

- "Títí láé, ní gbogbo àgbáyé." Kò sí ọjọ́ tí àṣẹ náà yóò tán, kò sì sí ìlú tí kò dé.
- "Lórí gbogbo ọ̀nà ìgbéjáde, èyí tó wà àti èyí tí wọn yóò ṣẹ̀dá lọ́jọ́ iwájú." Tẹlifíṣọ̀n lónìí, fóònù lọ́la, ohun tí a kò tíì mọ orúkọ rẹ̀ lọ́túnla.
- "Fún fíìmù yìí tàbí iṣẹ́ mìíràn." Ẹ ṣọ́ èyí dáadáa. Wọ́n lè ta àwòrán yín fún ẹlòmíràn láti lò fún ohun tí ẹ kò bá wọn sọ, ìpolówó ọjà pàápàá.
- "Mi ò ní béèrè láti yẹ fíìmù wò kó tó jáde." Ohun tí wọ́n bá gé ni ohun tí ẹ rí.
- "Mo fi ẹ̀tọ́ mi láti pe ẹjọ́ sílẹ̀." Èyí nìkan tó ìdí láti fi ìwé náà han agbẹjọ́rò.

Bí ẹ ó ṣe ṣe é:

1. Ẹ gba ẹ̀dà kan lọ sílé. Ẹ má buwọ́ lu ohunkóhun lórí fóònù ẹlòmíràn ní ìdúró, nígbà tí bọ́ọ̀sì ń dúró dè yín.

2. Bó bá jẹ́ èdè tí ẹ kò gbọ́ dáadáa ni wọ́n fi kọ ọ́, ẹ jẹ́ kí ẹni yín kà á fún yín, kì í ṣe ẹni wọn.

3. Ẹ fa ìlà sórí ohun tí ẹ kò fẹ́, kí ẹ̀yin àtàwọn sì buwọ́ lù ú lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀. Ìwé ìyọ̀ǹda kì í ṣe òfin tó ti ọ̀run wá. Ohun tí wọ́n sábà máa ń gbà ni kí wọ́n lo orúkọ kan ṣoṣo, kí wọ́n má fi nọ́ńbà ilé àti ojú àwọn ọmọ hàn, kí wọ́n má ta àwòrán yín fún iṣẹ́ mìíràn, kí wọ́n sì jẹ́ kí ẹ wo apá tó kàn yín kó tó jáde. Ohun tí wọn kì í gbà ni kí ẹ máa pàṣẹ bí wọn yóò ṣe gé e. Mi ò dá wọn lẹ́bi lórí ìyẹn. Bí gbogbo ẹni tó wà nínú fíìmù bá ń yọ ibi tí kò wù ú, òótọ́ wo ló máa ṣẹ́ kù nípa ìlú?

4. Ẹ kọ ìlérí ẹnu sílẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n bá ṣe é. Àtẹ̀jíṣẹ́ kúkúrú ti tó: "Gẹ́gẹ́ bí a ṣe jọ sọ lónìí, ẹ kò ní fi ojú ọmọ mi hàn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dáhùn pé bẹ́ẹ̀ ló rí." Èsì wọn di ẹ̀rí lọ́wọ́ yín.

5. Ẹ béèrè bóyá ẹ lè buwọ́ lù ú lẹ́yìn ìyàwòrán dípò ṣáájú rẹ̀. Àwọn kan yóò gbà.

6. Bí wọ́n bá ní kí ẹ kàn sọ ọ́ sí kámẹ́rà pé "Orúkọ mi nìyí, mo yọ̀ǹda", ẹ mọ̀ pé ìyẹn náà lè dúró bí ìwé. Ẹ má sọ ọ́ torí pé ojú ń tì yín.

Àṣìṣe kan wọ́pọ̀: onílé tàbí alága ọjà ti fún wọn láyè láti wọlé, ẹ sì wá rò pé ọ̀rọ̀ ti parí. Àyè láti ya ibì kan kì í ṣe àyè láti ya àwọn tó wà níbẹ̀.

Ní ti ọmọdé, òbí tàbí alágbàtọ́ ló ń buwọ́ lùwé. Ẹ bi ọmọ náà léèrè pẹ̀lú, kí ẹ sì gba "rárá" rẹ̀ gbọ́. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ọdún 7 nínú fíìmù yóò pé 17 lọ́jọ́ kan, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yóò sì rí i níbi tó ti ń sunkún pé ebi ń pa òun.

## Owó

Ọ̀pọ̀ oníròyìn àti olùdarí kì í sanwó fún ẹni tí wọ́n bá sọ̀rọ̀, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ pé wọ́n ra ọ̀rọ̀ náà. Àwọn kan ń san owó ọkọ̀, owó iṣẹ́ tí ẹ pàdánù lọ́jọ́ náà, tàbí owó ilé yín tí wọ́n lò. Ẹ béèrè ní gbangba kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀, kí iye rẹ̀ sì wà nínú ìwé.

Ẹ má fi ọkàn sí i pé bí fíìmù bá lókìkí, wọn yóò pín yín nínú èrè. Ní Faransé, olùkọ́ kan tí dọkumẹ́ńtárì ọdún 2002 kan dá lé lórí gbé ọ̀rọ̀ lọ sí kóòtù lẹ́yìn tí fíìmù náà pa owó ńlá, pé ó yẹ kí òun ní ìpín níbẹ̀. Kóòtù kò dá a láre ní ọdún 2004. Ẹ̀ báà jẹ́ ẹ̀yin ni wọ́n ń wò láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ohun tí kò sí nínú àdéhùn ṣòro láti gbà lẹ́yìn.

## Ohun tó wà lẹ́yìn yín

Kámẹ́rà ayé òde òní ń rí ohun tí ojú wa kò ká sí. Ẹni tó bá dá fíìmù dúró lórí kọ̀ǹpútà lè ka lẹ́tà tó wà lórí tábìlì. Kí wọ́n tó dé, ẹ dúró níbi tí kámẹ́rà yóò dúró sí, kí ẹ fi fóònù yín ya fọ́tò kan, kí ẹ sì wo inú rẹ̀ fínnífínní. Ẹ kó àwọn wọ̀nyí kúrò:

- lẹ́tà, ìwé báńkì, ìwé ilé ìwòsàn, oògùn;
- nọ́ńbà ilé, nọ́ńbà ọkọ̀, kọ́kọ́rọ́;
- yúnífọ́ọ̀mù ọmọ tó ní orúkọ ilé-ìwé lára;
- fọ́tò àwọn tí kò mọ̀ pé fíìmù kankan ń lọ;
- fóònù tó tan sílẹ̀.

Ẹ pa rédíò àti tẹlifíṣọ̀n. Orin tó ń dún lẹ́yìn ọ̀rọ̀ yín ní ẹni tó ni ín, wọ́n sì ní láti gbàṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ti rí i tí wọ́n sọ ọ̀rọ̀ tó dára jù lọ nù nítorí orin tó ń bọ̀ láti ilé aládùúgbò. Ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀ lè ní kí ẹ pa fíríìjì náà. Bí ẹ bá rí i tó ju kọ́kọ́rọ́ mọ́tò rẹ̀ sínú fíríìjì, ẹ má bẹ̀rù. Ọgbọ́n àwọn tó ń ṣe iṣẹ́ yẹn ni, kó má baà lọ sílé láìtan fíríìjì yín padà.

Aṣọ tí àwọn aládùúgbò mọ̀ mọ́ yín ni kí ẹ wọ̀. Ẹ yẹra fún èyí tó ní ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́, torí ó máa ń gbọ̀n rìrì lójú kámẹ́rà, àti ẹ̀gbà ọrùn tó ń dún mọ́ máìkì.

## Lọ́jọ́ tí wọ́n ń yà yín

1. Ẹ mọ ibi tí wọ́n ti ń pa máìkì. Tí wọ́n bá ti so máìkì kékeré mọ́ aṣọ yín, ẹni tó fi ẹ̀rọ ìgbọ́ràn bo etí ń gbọ́ gbogbo ohun tí ẹ ń sọ. Kámẹ́rà lè ti kú, ẹ lè ti wọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ohùn yín ṣì ń lọ. Ẹ ní kí wọ́n pa á kí ẹ tó kúrò lójú kan.

2. Ẹ gbé ìbéèrè sínú ìdáhùn. Wọ́n sábà máa ń gé ohùn ẹni tó ń béèrè kúrò. Bí wọ́n bá ní, "Ọdún mélòó lẹ ti wà níbí?", ẹ má sọ pé "Mẹ́wàá." Ẹ ní, "Ó ti tó ọdún 10 tí mo ti ń gbé àdúgbò yìí."

3. Ẹ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀. "Ìlú yìí le" kò fi nǹkan kan hàn ẹnikẹ́ni. "Aago mẹ́rin ìdájí ni mo ń jí, nítorí bọ́ọ̀sì aago márùn-ún ló kẹ́yìn tí mo lè wọ̀ tí mi ò ní pẹ́ dé ibi iṣẹ́": ìlú nìyẹn.

4. Ẹ má bẹ̀rù ìdákẹ́jẹ́. Ẹni tó ń bi yín léèrè lè mọ̀ọ́mọ̀ dákẹ́ lẹ́yìn tí ẹ bá dáhùn, kó máa wo yín. Ara èèyàn kì í gbà á, ó máa ń fẹ́ fi ọ̀rọ̀ dí àyè náà. Tí ẹ bá ti sọ tán, ẹ dákẹ́ pẹ̀lú rẹ̀.

5. Ẹ má sọ pé "Ẹ má fi èyí sínú fíìmù o, àmọ́..." Nínú gbogbo àṣìṣe, èyí ló ń dùn mí jù, torí ẹni tó fọkàn tán èèyàn ló ń ṣe é. Ẹyin lohùn. Ohun tí ẹ kò bá fẹ́ kí ayé gbọ́, ẹ sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bá ti yọ máìkì. Ẹ lè ní "Ẹ jẹ́ kí n tún un sọ", kò sí ẹni tó máa bínú. Ṣùgbọ́n ẹ mọ̀ pé èyí tí ẹ kọ́kọ́ sọ ṣì wà níbẹ̀.

6. Ẹ mọ ìyàtọ̀ láàárín àtúnṣe àti irọ́. Wọ́n lè ní kí ẹ tún ṣí ilẹ̀kùn, kí ẹ tún jáde, lẹ́ẹ̀mẹta tàbí lẹ́ẹ̀mẹrin, kí wọ́n lè yà á láti igun mìíràn. Kò sí láìfí níbẹ̀. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ní kí ẹ bá ìyàwó yín jà díẹ̀, tàbí kí ẹ lọ sùn síbi tí ẹ kò sùn rí, ẹ kọ̀ ọ́. Orúkọ yín ni irọ́ yẹn máa jẹ́.

7. Ẹ má dárúkọ ẹni tí ẹ ń fẹ̀sùn kàn. "Agbowó-ilé kan ṣe báyìí fún mi" ti tó. Bí ẹ bá dárúkọ rẹ̀ láìsí ẹ̀rí, ẹ̀yin gan-an lè di ẹni tí wọ́n pè lẹ́jọ́.

8. Ẹ dúró títí dé òpin. Wọn yóò ní kí gbogbo èèyàn dákẹ́ jẹ́ẹ́ fún bí ìṣẹ́jú kan, kí wọ́n lè gba ohùn yàrá náà lásán sílẹ̀. Ẹ má dìde.

## Bí kámẹ́rà bá bá yín lójú títì

Ní ọ̀pọ̀ ibi, òfin gbà kí èèyàn ya fídíò níta gbangba láìbi gbogbo ẹni tó ń kọjá, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òfin ibì kan kì í ṣe ti ibòmíràn. Nígbà mìíràn wọn yóò lẹ ìwé mọ́ ẹnu ọ̀nà pé ẹni tó bá wọlé ti gbà kí wọ́n ya òun. Ẹ máa ka irú ìwé bẹ́ẹ̀.

Bí ẹ kò bá fẹ́, ẹ má bá ẹni tó gbé kámẹ́rà jà, torí ìjà yẹn gan-an lè wọ fíìmù. Ẹ sọ fún wọn pé ẹ kò fẹ́, ẹ gba nọ́ńbà ilé-iṣẹ́ wọn, kí ẹ sì fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ lọ́jọ́ náà: aago mélòó ni, ibo ni, aṣọ wo lẹ wọ̀. Láìsí nǹkan mẹ́ta yìí, wọn kò ní rí yín láàárín èrò láti yọ yín kúrò.

## Bí ẹ bá fẹ́ sọ̀rọ̀ láìfi ojú hàn

Bíbo ojú nìkan kò tó. Ohùn, ìrìn, ọwọ́, ògiri yàrá, ìtàn fúnra rẹ̀, gbogbo wọn ló ń tú èèyàn fó. Ẹ bá wọn sọ ọ́ kí wọ́n tó yà yín rárá, torí bí wọ́n bá yà yín nínú òkùnkùn tàbí láti ẹ̀yìn, kò sí fídíò kankan níbì kan tí ojú yín wà. Bí wọ́n bá ní àwọn yóò bò ó tó bá yá, fídíò tí ojú yín hàn ketekete wà lọ́wọ́ wọn, ó sì lè bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn.

Ọ̀nà mìíràn wà: kí ẹlòmíràn ka ọ̀rọ̀ yín, tàbí kí ọwọ́ yín nìkan hàn, kí wọ́n sì yà á síbi tí kì í ṣe ilé yín. Kó tó jáde, ẹ fi han ẹnì kan tó mọ̀ yín dáadáa láìsọ fún un pé ẹ̀yin ni. Bó bá mọ̀ yín, kò tíì tó.

## Lẹ́yìn tí wọ́n bá lọ

Ẹ má tètè kéde fún ará ilé. Wọ́n lè gba ohùn àti àwòrán wákàtí púpọ̀ sílẹ̀ kí wọ́n sì lo ìṣẹ́jú méjì péré nínú rẹ̀, tàbí kí wọ́n má lo nǹkan kan.

Bí wọ́n bá pè yín wá wò ó, ẹ mú ẹnì kan tí ẹ fọkàn tán dání. Ní Paris, ní ọdún 1960, àwọn méjì tó jọ ń ṣe dọkumẹ́ńtárì, Jean Rouch àti Edgar Morin, ya àwọn ará ìlú lásán, lẹ́yìn náà wọ́n kó wọn jọ kí wọ́n wo ara wọn. Ẹnu wọn kò kò: àwọn kan ní ẹnì kan sọ ara rẹ̀ síta jù, àwọn mìíràn ní ó jọ pé àwọn kan ń ṣeré ni. Rírí ara ẹni lójú àwòrán ńlá ń da ọkàn rú. Nítorí náà, ẹ má dáhùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ẹ kọ̀wé lọ́jọ́ kejì, ní títò báyìí:

1. Àṣìṣe gidi: orúkọ, ọjọ́ orí, ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀, àti ìtumọ̀ tí wọ́n kọ sísàlẹ̀ àwòrán. Ẹ jẹ́ kí ẹni tó gbọ́ èdè méjèèjì yẹ ìtumọ̀ náà wò.
2. Ohun tó lè fi yín tàbí ẹlòmíràn sínú ewu.
3. Ohun tó yí ọ̀rọ̀ yín padà, pẹ̀lú ohun tí ẹ sọ gan-an.

Bí irun yín ṣe rí àti bí ohùn yín ṣe dún, ẹ fi sílẹ̀.

Bó bá jẹ́ pé ẹ fẹ́ jáde kúrò nínú fíìmù pátápátá, ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ kí wọ́n tó parí gígé rẹ̀, kí ẹ sì sọ ewu tí ẹ rí. Òfin ìdáàbòbò ìsọfúnni ti ìṣọ̀kan ilẹ̀ Yúróòpù, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 2018, fún èèyàn lẹ́tọ̀ọ́ láti ní kí wọ́n pa ìsọfúnni nípa òun rẹ́, ṣùgbọ́n ó fi àyè sílẹ̀ fún iṣẹ́ ìròyìn àti iṣẹ́ ọnà. Nítorí náà, níbẹ̀ pàápàá, ẹ má dúró kí fíìmù jáde kí ẹ tó sọ̀rọ̀.

Ní ọ̀sẹ̀ tí yóò jáde, ẹ ṣètò Facebook yín kó jẹ́ pé àwọn tí ẹ mọ̀ nìkan ló lè rí i, ẹ yọ nọ́ńbà fóònù yín kúrò níbẹ̀, kí ẹ sì sọ fún àwọn ọmọ kí wọ́n tó gbọ́ ọ nílé-ìwé. Bí ẹnikẹ́ni bá kọ ọ̀rọ̀ ìhàlẹ̀ sí yín, ẹ ya fọ́tò ọ̀rọ̀ náà kí ẹni tó kọ ọ́ tó pa á rẹ́, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí ilé-iṣẹ́ tó ṣe fíìmù àti ọlọ́pàá. Ẹ tọ́jú ẹ̀dà ìwé ìyọ̀ǹda yín síbi tí àwọn ọmọ yín lè rí i. Lẹ́yìn ọdún púpọ̀, ẹnì kan lè wá sọ pé òun láṣẹ láti tún lo àwòrán náà, ìwé yẹn ni wọn yóò gbé síta fún un.